Òrùka Sauron Kì í Ṣe Àfẹ́ẹ̀rí

Ẹ̀yin olùfẹ́ èdè Yorùbá, ẹ gbà mí láyè kí n bínú díẹ̀. Ó ti tó ìgbà mélòó kan tí mo ti ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa pé òrùka tí ó wà nínú The Lord of the Rings, ìwé J.R.R. Tolkien, kò ju àfẹ́ẹ̀rí lọ. Wọ́n ní ẹni tí ó bá ti fi í bọ ìka kì í hàn sójú mọ́. Kí ni àfẹ́ẹ̀rí tún ń ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ? Mo kọ̀ jálẹ̀. Àṣìpè ni, ó sì ń ba ìtàn náà jẹ́.

Kì í ṣe pé wọn kò rí nǹkan kan dì mú. Nígbà tí The Hobbit jáde ní 1937, ohun tí òrùka náà jẹ́ nìyẹn: Bilbo rí i he nínú ihò abẹ́ òkè, ó fi í bọ ìka, ó di àwátì lójú àwọn ọ̀tá. Nínú ẹ̀dà àkọ́kọ́ yẹn, Gollum tilẹ̀ fi òrùka náà ṣe ẹ̀bùn tí Bilbo yóò gbà bí ó bá borí òun nínú àlọ́ pípa. Tolkien rí i pé èyí kò bá ìwé ńlá tí òun ń kọ mu mọ́, ó tún orí ìwé náà kọ, àtúnṣe ọ̀hún sì jáde ní 1951. Láti ìgbà náà ni Gollum ti ń ké tẹ̀lé Bilbo, tí ó ń pè é ní olè. Ẹni tí ó bá ń wí àfẹ́ẹ̀rí lónìí, ẹ̀dà 1937 ni ó ṣì wà lọ́kàn rẹ̀.

Oògùn, irinṣẹ́ ni. Ọdẹ ni olówó àfẹ́ẹ̀rí rẹ̀. Yóò lò ó nígbà tí ẹkùn bá ká a mọ́, yóò sì gbé e kọ́ nígbà tí ó bá délé. Ó lè ní èèwọ̀, kò ní ìfẹ́ inú tirẹ̀. Òrùka Sauron ní in. Apá ńlá nínú agbára Sauron ni ó tú sínú rẹ̀ nígbà tí ó rọ ọ́ nínú iná Orodruin, kí ó lè máa darí àwọn òrùka yòókù: mẹ́ta ti àwọn Elf, méje ti àwọn aràrá, mẹ́sàn-án ti ọmọ ènìyàn. Àwọn mẹ́sàn-án tí wọ́n gba ti ènìyàn di Nazgûl, òjìji tí kò kú tí kò sì yè. Ta ni ó ni ta níbẹ̀?

Ẹ tún wo ohun tí a kọ sí i lára, tí kì í hàn àfi nínú iná, gẹ́gẹ́ bí Gandalf ti dán an wò nílé Frodo. Lẹ́tà àwọn Elf ni, ṣùgbọ́n èdè Mordor ni. (Ẹni tí ó bá rò pé ábídí àti èdè jẹ́ ohun kan náà, kí ó rántí àwọn baba wa tí wọ́n fi lẹ́tà Lárúbáwá kọ Yorùbá.) Àwọn Elf ni wọ́n ni lẹ́tà tí ó rẹwà náà, ọ̀tá wọn ni ó sì fi í kọ àṣẹ tí yóò fi dè wọ́n. Nígbà tí Gandalf ka á sókè níbi ìgbìmọ̀ Elrond, ńṣe ni wọ́n di etí wọn.

Ìgbìmọ̀ yẹn kan náà ni Boromir ti sọ ọ̀rọ̀ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa: ohun ìjà ọ̀tá ti bọ́ sí wa lọ́wọ́, kí ni kò ní jẹ́ kí a fi bá a jà? Ọ̀rọ̀ oògùn gan-an nìyẹn. Kò pẹ́ tí ó fi fẹ́ já a gbà lọ́wọ́ Frodo tí ó yẹ kí ó dáàbò bò. Gandalf àti Galadriel, tí agbára wọn ju tirẹ̀ lọ, kọ̀ ọ́ nígbà tí Frodo fi lọ̀ wọ́n. Bí ó bá jẹ́ àfẹ́ẹ̀rí ni, ìwà òmùgọ̀ ni kíkọ̀ wọn.

Ẹnìkan dábàá Òrùka Àṣẹ fún mi. N kò fẹ́ ẹ: àṣẹ ṣeyebíye jù lẹ́nu wa láti fi sọ Sauron lórúkọ. Òrùka Ìjẹgàba ni èmi ń pè é. Ẹni tí ó bá ní èyí tí ó sàn ju bẹ́ẹ̀ lọ, kí ó mú un wá, ṣùgbọ́n kí ó má ṣe mú àfẹ́ẹ̀rí wá.