Ẹ̀fẹ̀ Kì í Ṣe Èébú: Ẹ̀kọ́ Lára Alexei Sayle

Àwọn kan gbà pé bí aláwàdà kò bá fi ẹni tí kò lẹ́nu ọ̀rọ̀ ṣẹ̀sín, èrò kò ní rẹ́rìn-ín. Irọ́ gbáà ni.

Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kí ọdún 1980 tó dé, ó wọ́pọ̀ kí aláwàdà fi aláwọ̀ dúdú, ará Ireland àti obìnrin ṣe ẹlẹ́yà lórí ìtàgé àti lórí tẹlifíṣọ̀n. Lójú ẹni tó rékọjá òkun lọ wá iṣẹ́ síbẹ̀, èébú ni, kì í ṣe ẹ̀fẹ̀.

Ní 1979, wọ́n ṣí Comedy Store ní Soho, ní Lọ́ńdọ̀nù. Alexei Sayle, ọmọ òṣìṣẹ́ rélùwéè láti Liverpool, ni olóòtú àkọ́kọ́ níbẹ̀. Ẹnu rẹ̀ mú bí abẹ, ṣùgbọ́n àwọn agbéraga ló kọjú rẹ̀ sí, kò sì yọ àwọn tí wọ́n jọ ń ṣe òṣèlú kan náà sílẹ̀.

Ǹjẹ́ ebi pa á? Rárá o. Ó kópa nínú The Young Ones lórí BBC láti 1982 sí 1984. Ní 1989, ó ṣe ọba nínú fíìmù Indiana Jones and the Last Crusade. Lẹ́yìn náà, ó di òǹkọ̀wé.

A kì í fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀ pa làpálàpá. Aláwàdà tó fi alágbára sílẹ̀, tó ń na aláìní lẹ́gba ọ̀rọ̀, ojo ni.