Ẹ̀sùn Mi sí Onílé Tó Sọ Iná Di Ọjà

Kì í ṣe gbogbo onílé Èkó ni mo ń bá wí. Àwọn kan wà tí wọ́n jẹ́ kí ayálégbé kọ̀ọ̀kan ní mítà tirẹ̀, ọ̀rọ̀ iná kò sì dá ìjà sílẹ̀ nínú ọgbà wọn rí. Àwọn tí mo ń ka ẹ̀sùn sí lẹ́sẹ̀ ni àwọn tó ń jẹ èrè lórí owó iná àwọn tó ń gbé ilé wọn, tí wọ́n sì ń fi ìwé rẹ̀ pamọ́.

Ìwé yẹn gan-an ni ẹ̀sùn kìíní. Wọ́n á kàn kéde iye fún ayálégbé. Kò ní rí bíìlì, kò ní rí rìsíìtì tókìn tí wọ́n rà. Bó bá béèrè, wọ́n á ní ó ń ṣàfojúdi sí Bàbá onílé. Bẹ́ẹ̀, òfin ilé gbígbé tí Ìpínlẹ̀ Èkó ṣe ní 2011 sọ pé owó tí onílé bá gbà fún ìtọ́jú ilé àti ohun amáyédẹrùn gbọ́dọ̀ ní rìsíìtì tirẹ̀, lọ́tọ̀ sí ti owó ilé, àti pé ó kéré tán ní oṣù mẹ́fà-mẹ́fà, ayálégbé lẹ́tọ̀ọ́ sí àkọsílẹ̀ bí wọ́n ṣe ná an. Òfin náà kò mú Ìkòyí, Victoria Island, Àpápá àti GRA Ìkẹjà, ṣùgbọ́n ó mú àwọn àdúgbò tí mẹ̀kúnnù pọ̀ sí.

Ẹ̀sùn kejì ló wúwo jù, torí pé ojú kì í tètè rí i. Mítà ńlá kan wà lórúkọ onílé. Ó fún ilé kọ̀ọ̀kan ní mítà kékeré, ó sì ń ta yúníìtì fún wọn. Ní oṣù Keje ọdún 2024, 209 náírà àti 50 kọ́bọ̀ ni yúníìtì kan fún àwọn tó wà ní Band A, ìpele àwọn tó ń rí iná jù lójúmọ́. Ẹ fi VAT kún un, ìyẹn 7.5 nínú ọgọ́rùn-ún, kò tíì pé 226 náírà. Bí onílé bá wá ta yúníìtì yẹn ní 300 náírà, ìdílé tó ń lo 150 yúníìtì lóṣù á ti fún un ní èrè tó lé ní 11,000 náírà. Lọ́dún, ó lé ní 130,000. Ìdílé kan ṣoṣo nìyẹn o! Onílé yìí kò sì gba ìwé àṣẹ títa iná lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Wọ́n á ní àwọn làwọn ra mítà kékeré, àwọn làwọn sanwó oníṣẹ́ iná. Mo gbà. Kí wọ́n kọ iye rẹ̀ sínú àgírímẹ́ǹtì kí ayálégbé tó kó wọlé, kí wọ́n gbà á, kó tán síbẹ̀. Ohun téèyàn ná lẹ́ẹ̀kan kò yẹ kó di owó oṣooṣù tí kò lópin.

Níbi tí kò ti sí mítà kékeré, inú pínpín owó ni ìrẹ́jẹ wà. Onílé ní ẹ̀rọ amúlétutù àti fírísà lókè. Opó tó wà ní yàrá kan nísàlẹ̀ ní gílóòbù àti fáànù. Wọ́n pín owó dọ́gba. Iná tí pọ́ńpù omi ń jẹ, iná ẹnu géètì, gbogbo rẹ̀ já lé ayálégbé lórí. Mo mọ ilé tí onílé kì í dá kọ́bọ̀, ó ní òun lòun nilé.

Gbèsè àtijọ́ ńkọ́? Ayálégbé tuntun lọ ra tókìn, wọ́n yọ nínú owó rẹ̀ fún gbèsè ẹni tó ti kó lọ. Onílé mọ̀ nípa gbèsè yìí lọ́jọ́ tó ń gba owó ilé, kò sì la ẹnu. Ìtànjẹ ni.

Bí tiransifọ́mà bá jó, wọ́n á tún bu owó lé ayálégbé. NERC, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ iná, ti sọ pé kì í ṣe ojúṣe oníbàárà láti ra tiransifọ́mà tàbí òpó, tàbí láti tún un ṣe. Mítà náà ńkọ́? Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2023, mítà tó rọjú jù lówó di 81,975 náírà. Ayálégbé rà á. Nígbà tó ń kó lọ, mítà wà lára ògiri, onílé kò dá nǹkan kan padà, ó sì ń fi polówó yàrá náà fún ẹlòmíì.

Èyí tó tún burú jáì ni kí onílé gé iná nítorí ìjà owó ilé, kí ọjà ìyá tó ń ta ẹja tútù máa jẹrà. Òfin 2011 yẹn kan náà ló ní kí onílé má ṣe dá ohun tí gbogbo ilé jọ ń lò dúró.

Ẹ̀yin ayálégbé, ẹ para pọ̀ nínú ọgbà yín, ẹ kọ lẹ́tà sí onílé, ẹ béèrè bíìlì àti rìsíìtì tókìn, kí ẹ sì tọ́jú ẹ̀dà lẹ́tà náà. Bó bá kọ̀, ẹ gba Citizens' Mediation Centre ti Ìpínlẹ̀ Èkó lọ. Wọ́n ń parí ìjà onílé àti ayálégbé níbẹ̀, wọn kì í sì í gba owó.