Dígí tó ń fi àná hàn wá



Ní 1966, Bob Shaw, òǹkọ̀wé ọmọ Northern Ireland, kọ ìtàn àròsọ kan nípa gíláàsì tí ìmọ́lẹ̀ ń pẹ́ nínú rẹ̀. Bí wọ́n bá gbé e sétí odò fún ọdún 10, tí ẹ wá gbé e wálé, odò yẹn lẹ ó máa rí fún ọdún 10. Ọkùnrin tó ń tà á nínú ìtàn náà ṣì ń wo ìyàwó àti ọmọ rẹ̀ lójú fèrèsé. Bẹ́ẹ̀ wọ́n ti kú.

Irú gíláàsì bẹ́ẹ̀ ò sí. Ṣùgbọ́n ìmọ́lẹ̀ máa ń rin ìrìn lóòótọ́. Oòrùn tí à ń rí yìí, ti nǹkan bí ìṣẹ́jú 8 sẹ́yìn ni.

Lójú tèmi, ọ̀pọ̀ wa ló gbé gíláàsì yẹn sọ́kàn. Ìyá tí a fi sílẹ̀ nígbà tó ṣì ń gbé ẹrù lọ sọ́jà, òun náà la ṣì ń rí. A ó ní ara wọn le, a ó wá sún ìrìn ilé di Iléyá, di Kérésì, di ọdún tó ń bọ̀. Fóònù ò tó o! "Mo wà dáadáa" ni wọn ó máa sọ, orúnkún tó ń dùn wọ́n ò ní sọ̀rọ̀. Ojú lọ̀rọ̀ wà.

Ẹ jẹ́ ká kó àwọn ọmọ lọ sílé nígbà tí wọ́n ṣì lè bá wa ṣeré. Ìgbà wo lẹ délé gbẹ̀yìn?