Amọ̀nà Ló Ń Sọ Ìrìn Di Ẹ̀kọ́

Abúlé márùn-ún ló wà ní Cinque Terre, létí òkun Ítálì. Ọkọ̀ ojú irin láti La Spezia so wọ́n pọ̀. Àlejò lè dé márààrún lóòjọ́. Ṣùgbọ́n wíwò kì í ṣe mímọ̀. Amọ̀nà tí èrò rẹ̀ kò pọ̀ ni yóò dá wọn dúró níwájú ògiri òkúta tí àgbẹ̀ tò láìlo símẹ́ńtì, èyí tó di ilẹ̀ oko àjàrà mú lára òkè. Níbi tí wọ́n bá pa á tì, òkè a máa ya. Nígbà tí òjò ńlá rọ̀ lọ́dún 2011, ẹrẹ̀ ya bo Vernazza àti Monterosso. Abúlé méjì tó yéni sàn ju márùn-ún tí a kàn kà lọ. Kí olùkọ́ tí ń kó akẹ́kọ̀ọ́ rìnrìn-àjò ẹ̀kọ́ dín ibi àbẹ̀wò kù, kí ó fi kún àlàyé.