Ahọ́n Àlejò Kì í Ṣe Ahọ́n Ọ̀tá

Àwa mélòó kan jọ wo sinimá From Russia with Love, èyí tí wọ́n ṣe ní 1963. Ọkùnrin kan wà nínú rẹ̀ tí ó mọ ayò ṣẹ́ẹ̀sì í ta, ojú rẹ̀ tóbi, kì í sì í yára rẹ́rìn-ín. Bí ó ti la ẹnu báyìí, ọ̀kan nínú wa pariwo pé, "Ìkà nìyí!" Mo bi í léèrè bí ó ti ṣe mọ̀, nítorí ọkùnrin náà kò tíì pa ẹnikẹ́ni. Ó ní, "Ẹ ò gbọ́ bí ó ti ń sọ̀rọ̀ ni?"

Ìdáhùn yìí ni mo fẹ́ fèsì sí. Bí ó bá ṣe pé ọ̀rẹ́ mi yìí nìkan ló ní irú èrò bẹ́ẹ̀, ǹ bá fi rẹ́rìn-ín, kí n sì gbé e tì. Ṣùgbọ́n àwọn tó ń ṣe sinimá ló kọ́ ọ, wọ́n sì ti ń kọ́ gbogbo ayé ní ẹ̀kọ́ náà ọjọ́ pẹ́: pé ẹni tí kò bá pe èdè Gẹ̀ẹ́sì bí ọmọ Gẹ̀ẹ́sì, kí a máa fura sí i. Mo ní irọ́ ni ẹ̀kọ́ náà. Ìtàn ọkùnrin tó ta ayò yẹn gan-an ni n ó fi bì í ṣubú.

Vladek Sheybal ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ ilẹ̀ Pólándì ni. Ìlú Zgierz ni wọ́n ti bí i ní 1923. Òṣèré orí ìtàgé ni kí ó tó di ẹni sinimá. Ní 1957, Andrzej Wajda mú un sínú sinimá Kanał. Ẹnikẹ́ni tó bá wo sinimá náà kò jẹ́ gbàgbé Sheybal mọ́.

Ọ̀rọ̀ ogun ni Kanał dá lé. Ní oṣù kẹjọ 1944, àwọn ará Warsaw dìde sí àwọn ọmọ ogun Jámánì tó gba ìlú mọ́ wọn lọ́wọ́. Ọjọ́ 63 ni wọ́n fi jà. Nígbà tí ọ̀nà òkè dí, gọ́tà ńlá abẹ́ ilẹ̀, níbi tí ẹ̀gbin gbogbo ìlú ń ṣàn gbà, ni àwọn kan nínú wọn gbà sá. Jerzy Stefan Stawiński tó kọ ìtàn náà wà nínú ìjà yẹn fúnra rẹ̀. Sheybal ṣe olórin kan tí kì í ṣe jagunjagun, tí ó kàn bá àwọn ajàjàgbara rìn ni. Kí wọ́n tó wọ inú ilẹ̀, ó fi tẹlifóònù bá ìyàwó rẹ̀ sọ̀rọ̀. Lójijì ni ọ̀rọ̀ já. Nínú òkùnkùn àti òórùn yẹn, iyè rẹ̀ rá. Ó mú fèrè kékeré kan, ó ń fọn ọ́n, ó sì rìn wọ inú òkùnkùn lọ. Kò bú ẹnikẹ́ni, kò pariwo. Fèrè yẹn nìkan ni a ń gbọ́. Ní Cannes, ní ọdún 1957 kan náà, wọ́n fún sinimá náà ní ẹ̀bùn pàtàkì ti àwọn adájọ́.

Irú òṣèré báyìí ló kó ẹrù rẹ̀, tó lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Kí ni wọ́n rí fún un ṣe níbẹ̀? Ẹ jẹ́ kí a kà á. Ní 1963, nínú sinimá tí mo kọ́kọ́ sọ, wọ́n fi í ṣe ọmọ Czechoslovakia tó ń pète ibi. Ní 1975, nínú The Wind and the Lion, wọ́n fi í ṣe baálẹ̀ Tangier ní ilẹ̀ Mòrókò. Ní 1980, nínú Shōgun, ó di ọ̀gákọ̀ ọmọ Pọtogí. Ní 1984, nínú Red Dawn, ó di ọ̀gágun Rọ́ṣíà tó kógun wọ Amẹ́ríkà. Ọmọ Pólándì, tí Rọ́ṣíà jẹ gàba lé ìlú rẹ̀ lórí lákòókò náà, òun ni wọ́n wọ aṣọ ọ̀gágun Rọ́ṣíà fún!

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ wò ó dáadáa. Orílẹ̀-èdè mẹ́rin, ahọ́n kan ṣoṣo. Ọmọ Pọtogí kì í sọ̀rọ̀ bí ará Rọ́ṣíà, ará Mòrókò kò sì sọ̀rọ̀ bí ará Czechoslovakia. Ṣùgbọ́n lójú àwọn tó ń pín ipa eré, ohùn Pólándì tó fún gbogbo wọn. Ohun tí wọ́n ń rà lọ́wọ́ rẹ̀ kì í ṣe orílẹ̀-èdè kankan. Wọ́n kàn ń ra "ẹni tí kì í ṣe tiwa" ni.

Mo mọ ohun tí àwọn kan yóò wí. Wọn yóò ní iṣẹ́ òṣèré ni kí ó ṣe ohunkóhun tí wọ́n bá ní kí ó ṣe, àti pé ẹni tó ṣe ìkà dáadáa kò kéré sí ẹni tó ṣe olóòótọ́. Òtítọ́ ni. N kò ní kí òṣèré má ṣe ìkà. Ohun tí mo ní ni pé kí a fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ yàn án, kí a má fi ohùn ìlú baba rẹ̀ yàn án. Àwọn mìíràn yóò ní ó jẹun níbẹ̀, ó sì gbajúmọ̀. Òun náà jẹun lóòótọ́. Ṣùgbọ́n bí ọwọ́ ẹni kò bá tíì tẹ èkù idà, a kì í bèèrè ikú tó pa baba ẹni. Àlejò tó ń wá iṣẹ́ kò lè máa bá ẹni tó ni iṣẹ́ jiyàn.

Ẹ̀rí wà pé ó lè ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ó ti darí eré fún tẹlifíṣọ̀n BBC. Nígbà tí ó bọ́ sọ́wọ́ Ken Russell, ẹni tó mọ iyì rẹ̀, ó ṣe adarí sinimá nínú The Debussy Film ní 1965, ó sì tún ṣe Loerke, agbẹ́gilére ọmọ Jámánì, nínú Women in Love ní 1969. Òjò kò pọ̀ ju ibi tí wọ́n gbé agbada sí lọ. London ni ó kú sí ní 1992.

Kí ẹnikẹ́ni má sì rò pé Òyìnbó ni ọ̀rọ̀ yìí kàn, kò kàn wá. Ọmọ Èkó ni Orlando Martins, tí wọ́n bí ní 1899, tó sì pẹ́ púpọ̀ ní London. Ní 1949, nínú The Hasty Heart, wọ́n fi í ṣe ọmọ ogun adúláwọ̀ kan tí kò gbọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì, tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé orúkọ ara rẹ̀, Blossom, nìkan ló ń ti ẹnu rẹ̀ jáde. Ọkùnrin tó ti ń sọ Gẹ̀ẹ́sì láti kékeré! Wọ́n sọ ahọ́n ọmọ Pólándì di ti ọ̀tá. Ti ọmọ Èkó, ṣe ni wọ́n gé e kúrò.

Ó ku ọ̀rọ̀ kan, òun ló sì dùn mí jù. Àwa náà ńkọ́? Nínú eré tiwa, ta ni ẹ̀ṣọ́ tó ń jókòó sẹ́nu géètì? Haúsá ni. Ta ni à ń fi Yorùbá rẹ̀ rẹ́rìn-ín? Àgànyìn ni. Bí a bá sì fẹ́ òmùgọ̀ ará oko, a ó fi ohùn Èkìtì tàbí ti Oǹdó sí i lẹ́nu, gbogbo gbọ̀ngàn a sì bú sẹ́rìn-ín, bẹ́ẹ̀ ni ọmọ Èkìtì àti ọmọ Oǹdó jókòó láàárín wa. Bí a bá sọ òkò sọ́jà, ará ilé ẹni ní í bà.

Nítorí náà mo pe ẹ̀yin tó ń kọ eré nínú ẹgbẹ́ wa níjà. Nínú eré tí ẹ ó tún ṣe, ẹ jẹ́ kí Haúsá jẹ́ dókítà. Ẹ jẹ́ kí ọba tó gbọ́n jù sọ̀rọ̀ bí ará Ìkálẹ̀. Bí ẹ bá sì ń wá ìkà, ẹ wá a sínú ìwà, ẹ má wá a sínú ohùn. Ìgbà tí a bá ṣe èyí tán ni a ó tó lẹ́nu láti bá Òyìnbó wí.