Ọgọ́rin Ìpàdánù: Ta Ni Ojú Yẹ Kó Tì?

Bí ẹ bá fẹ́ pa akẹ́kọ̀ọ́ lẹ́rìn-ín, ẹ sọ fún un pé ikọ̀ agbábọ́ọ̀lù yunifásítì kan wà tí wọ́n nà ní ìgbà 80 léraléra. Èmi náà rẹ́rìn-ín nígbà tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ìgbà tí mo ka ìtàn náà dé ìdí ni ẹ̀rín kú mọ́ mi lẹ́nu. Mo fẹ́ ká jọ yẹ̀ ẹ́ wò, nítorí ó dá mi lójú pé àwọn tí kò jẹ̀bi là ń fi ṣẹ̀sín.

Prairie View A&M ni orúkọ yunifásítì náà, ní ìpínlẹ̀ Texas lórílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà. Ọdún 1876 ni wọ́n dá a sílẹ̀ fún àwọn ọmọ aláwọ̀ dúdú, orí ilẹ̀ tó ti jẹ́ oko ẹrú Alta Vista tẹ́lẹ̀ ni wọ́n sì kọ́ ọ sí. Bọ́ọ̀lù tí mò ń sọ kì í ṣe èyí tí àwa ń fẹsẹ̀ gbá. Ti àwọn ará Amẹ́ríkà ni, èyí tí wọ́n ń gbé sá, tí wọ́n ń jù síra wọn, tí àwọn géńdé sì ń fi gbogbo ara kọlu ara wọn. Ẹni tí wọ́n bá nà nínú eré yìí, kì í ṣe àmì nìkan ló ń pàdánù. Ara rẹ̀ náà ń jìyà níbẹ̀.

Ohun tí àwọn ẹlẹ́yà kì í sọ ni pé ilé yìí ti gbayì rí. Lábẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá Billy Nicks, ẹ̀ẹ̀marùn-ún ni wọ́n gba ipò kìn-ín-ní láàrin àwọn yunifásítì aláwọ̀ dúdú jákèjádò Amẹ́ríkà: 1953, 1954, 1958, 1963 àti 1964. Ibẹ̀ ni Otis Taylor àti Ken Houston ti jáde, àwọn méjèèjì sì di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká láàrin àwọn tó ń fi bọ́ọ̀lù jẹun. Nígbà náà, àwọn yunifásítì ńlá ti àwọn aláwọ̀ funfun ní gúúsù Amẹ́ríkà kì í gba ọmọ aláwọ̀ dúdú sínú ikọ̀ wọn. Nígbà tí ilẹ̀kùn wá ṣí ní ìparí àwọn ọdún 1960, ohun tó dára ni, ẹ̀tọ́ ni. Àmọ́ àwọn ilé-ẹ̀kọ́ olówó ló wá ń ṣa àwọn ọmọ tó mọ̀ ọ́n gbá jùlọ, wọn kò sì fún ilé tó ti ń tọ́ irú wọn ní nǹkan kan.

Ìgbà tó yá, wàhálà owó dé. Ní 1990, ilé-ẹ̀kọ́ náà dá bọ́ọ̀lù dúró fún odidi sáà kan. Nígbà tí wọ́n padà sórí pápá ní 1991, kò sí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ fún agbábọ́ọ̀lù kankan. Bẹ́ẹ̀, àwọn tí wọ́n ń bá figagbága nínú líìgì SWAC ń fi ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ fa agbábọ́ọ̀lù mọ́ra. Prairie View sì wà lára àwọn tó dá líìgì náà sílẹ̀ ní 1920 o.

Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ ní sáà 1991 yẹn. Eré 11 ni wọ́n ṣe, wọn kò borí nínú ẹyọ kan. Àmì 48 péré ni wọ́n rí jẹ. 617 ni wọ́n jẹ lára wọn. Lọ́jọ́ kan ṣoṣo, Alabama State jẹ àmì 92, àwọn kò rí ẹyọ kan jẹ. Sáà lọ, sáà bọ̀, ọ̀rọ̀ kò yí padà. Wọ́n kọjá 44 tí Columbia pàdánù láàrin 1983 sí 1988, wọ́n kọjá 50 ti Macalester, títí ó fi di 80.

Ọjọ́ 26 oṣù Kẹsàn-án, 1998, ni wọ́n tó borí, ní Oklahoma City: Prairie View 14, Langston 12. Ẹgbẹ́ onífèrè àti onílù wọn, Marching Storm, tó ti ń dá wọn lára yá ní gbogbo ọdún ìyà yẹn, kò sí níbẹ̀. Wọ́n ti dá wọn dúró nítorí ìjà tí wọ́n bá ẹgbẹ́ olórin Southern jà lọ́sẹ̀ tó ṣáájú.

Àwọn kan sọ pé ó yẹ kí wọ́n ti fagi lé ikọ̀ náà. Ọ̀rọ̀ wọn kì í ṣe ọ̀rọ̀ òmùgọ̀: kò dára kí a máa ti ọmọ ọlọ́mọ síwájú ẹni tó lágbára jù ú lọ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ náà fúnra wọn ló yàn láti gbá a, mi ò sì rí ẹni tó yẹ kó gbà á lọ́wọ́ wọn.

Àwọn tí mo bá jà jù ni àwọn tó ń fi ìtàn yìí wàásù ìforítì, tí wọ́n á dákẹ́ síbẹ̀. Àwọn àgbà wa ní bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, à á fi tọmọ jẹ́ ẹ. Ohun tí àwọn ọmọ yẹn ṣe gan-an nìyẹn, mo sì kí wọn. Àmọ́ òwe náà kò dá ẹni tó rán ni níṣẹ́ ẹrú láre. Bí a bá ń yin ẹni tó jìyà, tí a kò bi ẹni tó fi ìyà jẹ ẹ́ léèrè, a ti ń bá a bo àṣírí.

Ẹ̀rí wà pé kì í ṣe ọ̀lẹ ló ń ṣe wọ́n. Nígbà tí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ padà, tí àkóso sì tún ṣe, ilé-ẹ̀kọ́ yìí kan náà borí nínú eré méje nínú mẹ́wàá ní 2007, ìgbà àkọ́kọ́ láti 1976 tí ìṣẹ́gun wọn yóò pọ̀ ju ìpàdánù lọ. Ní 2009, wọ́n gba ife-ẹ̀yẹ SWAC.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, àwa náà mọ irú ìyìn yìí. Bí ẹnì kan bá fi tọ́ọ̀ṣì kọ iṣẹ́ àpilẹ̀kọ rẹ̀ tán, a ó pàtẹ́wọ́ fún un, a ó ní ọmọ akin ni. Òótọ́ ni, akin ni. Ẹ jẹ́ ká pàtẹ́wọ́ tán, ká wá béèrè ibi tí iná wà.

Ẹ̀yin àgbà wa tí ẹ ti kẹ́kọ̀ọ́ jáde, ẹ̀bẹ̀ kan ni mo ní sí yín. Bí ẹ bá padà wá kí wa, ẹ má kàn bi wá pé, “Ṣé ẹ borí?” Ẹ bi wá pé kí ni wọ́n kó lé wa lọ́wọ́ kí wọ́n tó ní ká lọ jagun.