Ẹni Tí Wọ́n Sin sí Ihò Eléérú Kò Ti Mẹ́kà Wá

Ó tó gẹ́ẹ́. Níbi ìdána, alága ìdúró á sọ ọ́. Nípàdé ọmọ ìlú, akọ̀wé á kà á jáde bí ẹni ń ka òfin. Láìpẹ́ yìí, ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ kan lẹ́yìn ọjà Ìsìkàn ní Àkúrẹ́, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ní yunifásítì tún gbé e kalẹ̀: Mẹ́kà ni gbogbo àwa Yorùbá ti wá, kí Odùduwà tó dé, igbó lásán ló wà níbí, ẹranko nìkan ló ń gbé ibẹ̀. Mo bi í pé, àwọn tó gbé inú ihò níhà Ìṣàrùn ńkọ́? Ó rẹ́rìn-ín. "Bàbá, ẹ má bínú o, òkété ló ń gbé inú ihò." Àwọn tó ń dúró de abẹ bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn ni mo ń fi ìwé yìí dá lóhùn.

Bó bá jẹ́ dandan kí n bá àwọn tó ní Mẹ́kà la ti wá to ọ̀rọ̀ wọn, nítorí àwọn fúnra wọn kò tò ó rí, bó ṣe lọ nìyí: ọba kan wà ní Mẹ́kà tó ń jẹ́ Lámúrúdu, Odùduwà ọmọ rẹ̀ ń bọ òrìṣà, àwọn Mùsùlùmí lé e, ó rìn títí ó fi dé Ilé-Ifẹ̀. Ó parí. Ta ló bá a rìn, ọ̀nà wo ló gbà, kí ni wọ́n jẹ nínú aṣálẹ̀? Ẹ má bèèrè.

Ìwé Samuel Johnson tí wọ́n tẹ̀ jáde ní 1921 ni wọ́n máa ń nà síni. Wọn ì bá kà á já. Johnson gan-an kọ ọ́ síbẹ̀ pé a kì í ṣe ìdílé Lárúbáwá, pé a kò lè jẹ́ ará Mẹ́kà. Ìhà Íjíbítì ló fi ṣe tirẹ̀, èyí tí kò tẹ́ èmi náà lọ́rùn. Ní ti èdè, Igala àti Ìtsẹkírì ni ìbátan wa tímọ́tímọ́, kì í ṣe Lárúbáwá. Àwọn ará Ifẹ̀ alára sì ń sọ ìjà tó wà láàárín Odùduwà àti Ọbàtálá tó bá nílẹ̀. Ta ni Ọbàtálá kó jọ tó fi bá a jà? Òkété?

Ẹ fi gbogbo ìyẹn sílẹ̀. Ọ̀kan ni mo fẹ́ bá wọn fà: igbó lásán tí wọ́n ní ó wà níbí.

Láti Àkúrẹ́ sí Ìṣàrùn, bíi kìlómítà 24 ni. Àpáta ńlá kan ló ṣíji bo ilẹ̀ níbẹ̀, tí ènìyàn lè sá òjò sábẹ́ rẹ̀, tó lè dáná, tó lè sùn. Ihò Eléérú ni wọ́n ń pè é. Ní 1965, Thurstan Shaw, ọ̀jọ̀gbọ́n ní Yunifásítì Ìbàdàn, ẹni kan náà tó hú àwọn ohun idẹ Igbo-Ukwu, kó àwọn òṣìṣẹ́ lọ síbẹ̀, wọ́n sì gbẹ́ ilẹ̀ abẹ́ àpáta náà. Lókè lókè, wọ́n bá àpáàdì, wọ́n bá àáké òkúta tí wọ́n lọ̀ dán, irú èyí tí àgbẹ̀ ń hú lóko tó ń pè ní ẹdùn àrá. Wọ́n wa ilẹ̀ sí i, àpáàdì tán. Ó ku òkúta funfun wẹ́wẹ́ tí wọ́n ṣá, tí wọ́n fá ẹnu rẹ̀ kó lè mú, tó ṣe é dè mọ́ igi fún ọfà tàbí ọ̀bẹ. Gbogbo òkúta tí wọ́n kó jáde níbẹ̀ lé ní ìdajì mílíọ̀nù. Ẹni tó ṣìnà yà sábẹ́ àpáta kan kì í jókòó ṣá òkúta tó ìyẹn. Àwọn tó ń gbé ibẹ̀, tí ọmọ wọn ń gbé ibẹ̀, ló ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Nísàlẹ̀ ni wọ́n ti kan òkú. Wọ́n ti ká a kò kí wọ́n tó tẹ́ ẹ sínú ilẹ̀. Èédú tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ni wọ́n fi mọ ọjọ́ orí rẹ̀: ó lé ní 11,000 ọdún. Ẹ jẹ́ ká fi ọdún 25 ka ìran kan; ìran 440 nìyẹn. Ẹ̀sìn tí wọ́n ní ó lé Odùduwà kúrò ní Mẹ́kà kò tíì pé 1,500 ọdún lónìí. Àwọn òkúta ńláńlá tí wọ́n tò lé àwọn Fáráò lórí ní Íjíbítì, bíi 4,500 ọdún ni. Òkú Ìṣàrùn ti pẹ́ nínú ilẹ̀ kí ẹnikẹ́ni tó gbé òkúta àkọ́kọ́ nínú wọn. Ta ló wá yẹ kó máa wá orírun lọ sọ́dọ̀ ta ni?

Àwọn kan wà tí wọ́n gbọ́n ju ẹ̀kọ́ wọn lọ. Wọ́n á ní ní 2011, onímọ̀ kan, Katerina Harvati, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tún agbárí òkú náà wọ̀n, wọ́n rí i pé ó gùn, orí rẹ̀ kò ga tó tiwa, ó jọ ti àwọn ará ìgbà tó jìnnà ju tirẹ̀ lọ. "Ẹ rí i, kì í ṣe ènìyàn pípé!" Ènìyàn ni! Ohun tí àwọn onímọ̀ náà rí ni pé ìtàn ẹ̀dá ènìyàn ní Áfíríkà lọ́jú pọ̀ ju bí wọ́n ti rò lọ. Ẹ̀yin tí ẹ ń fi ojú egungun wo ìwà, ẹ dá mi lóhùn: ta ló sin ín? Ta ló gbẹ́ ilẹ̀, tó ká ẹsẹ̀ rẹ̀ kò, tó wa yẹ̀pẹ̀ bò ó? Òkété ti sin òkú ta ni rí?

Wọ́n á tún ní mi ò lè fi hàn pé Yorùbá ni. N kò sọ bẹ́ẹ̀ rárá. Ẹ̀yin lẹ ní ilé ṣófo. Mo ṣílẹ̀kùn, mo fi onílé hàn yín nínú yàrá, ẹ wá ń bèèrè oríkì rẹ̀ kí ẹ tó gbà pé ẹnì kan wà nílé.

Ẹ sì jẹ́ kí ihò gbígbé yìí má máa ti yín lójú. Abẹ́ àpáta Olúmọ ni àwọn Ẹ̀gbá sá sí nígbà tí ogun le, lọ́dún 1830. Ní Agongointo, lẹ́bàá Bohicon ní orílẹ̀-èdè Benin, ilé tí wọ́n gbẹ́ sínú ilẹ̀ ni wọ́n ṣàdédé já sí ní 1998. Kò sẹ́ni tó pe ọmọ wọn ní òkété.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe rí kò le. Àwọn kan wà níbí láti ọjọ́ pípẹ́, àwọn mìíràn ń dé bá wọn, wọ́n ń dàpọ̀. Bí Odùduwà bá wà lára àwọn tó dé, káàbọ̀. Ó bá ènìyàn nílé.

Ẹ̀yin olùkọ́ Àkúrẹ́, ẹ̀yin lẹ ń kọ́ àwọn ọmọ náà, ẹ̀yin ni mo ń bẹ̀. Ẹ dákẹ́ ọ̀rọ̀ Lámúrúdu fún sáà kan péré. Ẹ kó àwọn ọmọ sínú bọ́ọ̀sì, kí ẹ gbé wọn lọ sí Ìṣàrùn.